Kékeré La Ti Ń Pẹ̀ka Ìrókò

Ó ṣòro kí ọmọ Ekiti kan dàgbà láìgbọ́ ọ: kékeré la ti ń pẹ̀ka ìrókò, bó bá dàgbà tán, ẹbọ ní í máa gbà. Ibi tí ọmọ bá ti ṣàṣìṣe la ti ń gbọ́ ọ jù, tí pàṣán á sì ti wà lọ́wọ́ ẹni tó ń pa òwe. Mo rò pé a ti há a mọ́ ìbáwí jù. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ohun tí àwọn àgbà rí lára igi kí wọ́n tó sọ bẹ́ẹ̀, kó wo àwọn fúláwà tí a fi ń ṣọgbà yí ilé ká nígboro Adó-Ekiti, láti Adébáyọ̀ títí dé Ajílósùn. Òmíràn kún dé ilẹ̀. Òmíràn ga gàgàrà, ìdí rẹ̀ sì dá páropáro.

Láti ìgbà tí Adó ti di olú-ìlú ìpínlẹ̀ lọ́jọ́ 1 oṣù Kẹwàá ọdún 1996, ilé kò yé gorí òkè, ẹni tó bá sì kọ́lé tán á fẹ́ kí nǹkan tútù wà níwájú rẹ̀ tẹ̀ẹ̀rùn-tòjò. Àwọn kan ti rí boxwood nínú fọ́tò, igi kúkúrú tí àwọn ará Yúróòpù ń gé gún régé bíi ti ààfin Versailles nílẹ̀ Faransé, ó sì wù wọ́n. Èrò tèmi ni pé kí wọ́n fi í sílẹ̀. Igi ilẹ̀ òtútù ni; ooru àti ọ̀rinrin wa kò bá a lára mu. Lọ́dọ̀ àwọn tó ni ín pàápàá, ojú rẹ̀ ti rí nǹkan: àrùn kan ń gbọn ewé rẹ̀ dànù, àfòpiná kan tó ti Ìlà-Oòrùn Éṣíà wá sì balẹ̀ sí Jámánì ní nǹkan bí ọdún 2007, tí àwọn ọmọ rẹ̀ ń jẹ ewé boxwood ní àjẹrun.

Igi tí ewé rẹ̀ kì í wọ́ kò wọ́n wa. Ixora ti ìhà gúúsù Íńdíà àti Sri Lanka wá, ó sì ti di ọmọ onílé lọ́dọ̀ wa. Òun ni mo fọwọ́ sí fún iwájú ilé: ewé rẹ̀ ṣù, ó gba gígé, ó sì ń yọ òdòdó pupa. Ṣùgbọ́n kò fẹ́ràn sìmẹ́ńtì rárá. Àwọn bíríkìlà a máa da àfọ́kù búlọ́ọ̀kù àti àṣẹ́kù kọnkéré sídìí ògiri, wọ́n á sì fi iyẹ̀pẹ̀ bò ó. Ẹni tó bá gbin ixora sórí rẹ̀ á rí i tí ewé rẹ̀ ń pọ́n bí ẹni tí ibà mú, iṣan àárín ewé nìkan ni á ṣì tutù. Ohun tó wà nínú sìmẹ́ńtì ni kì í jẹ́ kó rí irin inú ilẹ̀ mu. Kí a kó pàǹtí náà kúrò pátápátá, kí a fi ilẹ̀ dúdú àti ewé jíjẹrà dípò rẹ̀, ká tó gbin nǹkan kan. Ní ti fúláwà tí wọ́n ń pè ní yellow bush, oòrùn ló ń fún un láwọ̀. Lábẹ́ ibòji, á padà di ewé lásán. Èso rẹ̀ wẹ́wẹ́ ní májèlé, nítorí náà kí ilé tó ní ọmọdé máa gé e kó má bàa so. Ní ti ààlà oko, ẹni tó ní pèrègún àti akòko ti ní gbogbo ohun tó yẹ kó ní.

Yíyàn nìyẹn. Gígé ni iṣẹ́ gan-an. Ẹni tó ra fúláwà inú ọ̀rá, tó gbìn ín ní ẹsẹ̀ bàtà kan síra wọn nígbà tí òjò oṣù Kẹrin bá ti rin ilẹ̀, á sọ pé òun ń dúró kó ga kí òun tó fọwọ́ kàn án. Àánú ló ń ṣe é, àánú yẹn ló sì ń ba ọgbà jẹ́. Níwọ̀n ìgbà tí ṣóńṣó orí igi bá ṣì wà, òun ló ń dá àwọn ojú tó wà nísàlẹ̀ lẹ́kun, tí wọn kì í fi rú. Bí a bá gé e kó tó ga ju orúnkún lọ, ojú méjì tàbí mẹ́ta á rú lẹ́ẹ̀kan náà. Bí a bá tún gé àwọn yẹn, wọ́n á tún pín. Báyìí ni ìdí rẹ̀ ṣe ń kún. Kí ìsàlẹ̀ sì fẹ̀ ju òkè lọ díẹ̀, kí oòrùn lè dé ara ewé ilẹ̀. Ọ̀pọ̀ nínú wa ló ń gé e ní òdìkejì. Kí a dáwọ́ gígé dúró nínú oṣù Kẹwàá, nítorí ọyẹ́ á jó ọ̀mùnú tó bá yọ lẹ́yìn náà.

Ẹ wo bí iṣẹ́ náà ti rọrùn tó nígbà tí igi bá kéré. Àlùmọ́gàjí tó o, ojú ọgbẹ́ rẹ̀ á sì dí kíá. Ohun tí mo gbọ́ nínú òwe náà nìyí: ìgbà tí ọwọ́ jẹ́jẹ́ ṣì lè ṣe é ló ń sọ, kì í ṣe bí a ó ti nà án tó. Bàbá tó ń pa á lé ọmọ ọdún 15 lórí, tó sì gbé pàṣán dání, ti pẹ́ dé. Ọ̀rọ̀ tútù tí kò sọ fún un nígbà tó wà ní ọmọ ọdún mẹ́rin ni gígé tí kò gé.

Ìlàjì kejì òwe náà kò gbọdọ̀ bọ́ sílẹ̀. Ìrókò lè ga tó mítà 50. Nígbà tó bá dé ibẹ̀, àwọn baba wa kì í dédé yọ àáké sí i. Lónìí, ficus ló wà ní ipò yẹn nínú ilé wa. Ó wẹ́ nínú ọ̀rá, ewé rẹ̀ ń dán, wọ́n á sì gbìn ín lẹ́sẹẹsẹ mọ́ ògiri bí ẹni gbin ixora. Igi ńlá ni. Bí a bá dẹwọ́ lára rẹ̀, gbòǹgbò rẹ̀ á wá omi lọ sínú gọ́tà àti sókàwéè, á sì la ògiri. Ìgbà yẹn ni ẹbọ dé: owó agégi, owó bíríkìlà, owó sókàwéè tuntun. Ixora tí ìdí rẹ̀ ti dá ṣì ní àtúnṣe, nítorí bí a bá gé e wá sí orúnkún ní ìbẹ̀rẹ̀ òjò, á tún rú láti ara igi rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá ní ficus lẹ́gbẹ̀ẹ́ sókàwéè, tí igi náà kò tíì ga ju òun fúnra rẹ̀ lọ, kó hú u lọ́dún yìí.