Ìdí tí 'Ihò Dúdú' kò fi bá Iṣẹ́ Hawking mu

Ọmọ ọdún 21 ni Stephen Hawking (1942–2018), onímọ̀ físíìsì ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, nígbà tí wọ́n rí àìsàn tí ń sọ iṣan di aláìlágbára lára rẹ̀. Iṣẹ́ abẹ ọ̀fun gba ohùn rẹ̀ ní 1985. Ẹ̀rọ ni ó ń bá a sọ̀rọ̀ lẹ́yìn náà.

Iṣẹ́ rẹ̀ tí ó lókìkí jù dá lórí ìràwọ̀ ńlá tí ó ti wó sínú ara rẹ̀, tí òòfà rẹ̀ le tó bẹ́ẹ̀ tí ìmọ́lẹ̀ kò lè jáde. Bí a bá pe èyí ní 'ihò dúdú', ọmọ ilé-ìwé ní Ìbẹfun yóò rò pé ihò òkété ni. Òfìfo ni ihò. Gbogbo ìwúwo ìràwọ̀ ni ó wà níbí. 'Dúdú' ni ó tilẹ̀ burú jù. Ní 1974, Hawking fi ìṣirò hàn pé ooru ń rọra tú jáde níbẹ̀, àti pé bí nǹkan náà bá ti kéré sí i ni ó ń gbóná sí i. Orúkọ wa ti ń ta ko ọkùnrin náà kí olùkọ́ tó la ẹnu!

'Ọ̀gbun òòfà' ni mo fara mọ́: ó dárúkọ ohun tí ń fa nǹkan wọlé, kò sì sọ̀rọ̀ àwọ̀. Òótọ́ ni pé ọ̀gbun àti ihò jọra díẹ̀. Ṣùgbọ́n ìkùukùu a máa ti inú ọ̀gbun gòkè.