Ta Ni Wọ́n Ń Fi Ṣe Yẹ̀yẹ́?

Ẹ̀yin òṣìṣẹ́ ẹlẹgbẹ́ wa, bí a bá ti fẹnu kan eré apanilẹ́rìn-ín inú tẹlifíṣọ̀n, àwọn kan á ní ẹ̀fẹ̀ lásán ni, pé kí ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ lọ máa jà fún owó oṣù. A kò gbà. Ẹ jẹ́ kí a wo iṣẹ́ Johnny Speight.

Canning Town ni wọ́n ti bí i ní ọdún 1920, lẹ́bàá èbúté Lọ́ńdọ̀n. Ọmọ ọdún 14 ni nígbà tí ó kúrò ní ilé-ìwé tí ó lọ ṣiṣẹ́ ní fákítírì. Ara wa ni. Inú wa dùn pé ẹni tí ó ti ìdí ẹ̀rọ dìde lè di ẹni tí ń fi kálàmù jẹun. Ní 1966, BBC bẹ̀rẹ̀ sí gbé eré rẹ̀, Till Death Us Do Part, jáde léraléra. Alf Garnett ni olórí eré: òṣìṣẹ́ ìhà èbúté, aláriwo, tí ń bú aláwọ̀ dúdú, tí ń bú Júù, tí ó sì ń ti ẹgbẹ́ Kọnsáfétífù àwọn olówó lẹ́yìn. Speight ní òun ń fi irú òmùgọ̀ bẹ́ẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́ ni. A gbà pé èrò ọkàn rẹ̀ nìyẹn. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ òǹwòran ní òótọ́ ni Alf ń sọ!

Ta ni ó sì ń dá Alf lóhùn? Mike, ọkọ ọmọ rẹ̀, tí ń pariwo sósíálíìsì. Speight sọ òun náà di ọ̀lẹ tí ń jẹun ní ilé àna. Ẹ ò rí i bí? Òṣìṣẹ́ di òmùgọ̀, ẹni tí ń gbèjà òṣìṣẹ́ di alápá-má-ṣiṣẹ́. Ọ̀gá tí ń san owó táṣẹ́rẹ́ kò sí níbẹ̀ kí ó gba èébú tirẹ̀.

Ní oṣù kẹrin ọdún 1968, Enoch Powell sọ̀rọ̀ burúkú nípa àwọn aláwọ̀ dúdú tí ń wọ ìlú Gẹ̀ẹ́sì. Ọjọ́ mẹ́ta lẹ́yìn náà, àwọn òṣìṣẹ́ èbúté Lọ́ńdọ̀n wọ́de lọ sí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin láti tì í lẹ́yìn. A kò sọ pé eré ni ó rán wọn. Ṣùgbọ́n awakọ̀ bọ́ọ̀sì àti kọ̀ńdọ́kítọ̀ wà lára àwọn tí wọ́n fẹ́ kí ó padà sílé, òṣìṣẹ́ bíi tiwọn.

Speight kò ṣíwọ́. Ní 1969 ó kọ Curry and Chips fún ITV, inú fákítírì gan-an ni. Spike Milligan, òyìnbó, kun ojú láwọ̀ pupa ràkọ̀ràkọ̀, ó ní ará Pakísítánì ni òun, àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ nídìí ẹ̀rọ sì ń bú u. Lẹ́yìn apá mẹ́fà, àjọ tí ń ṣàkóso tẹlifíṣọ̀n náà dá a dúró. Àwọn kan ní wọ́n fi ọwọ́ bo òǹkọ̀wé lẹ́nu. Ọ̀rọ̀ wa kọ́ nìyẹn. A ń béèrè ìdí tí kò fi sí máníjà kan láàárín àwọn tí a ń fi rẹ́rìn-ín.

Kí a má sì dá òyìnbó nìkan lẹ́bi. Ní oṣù kìíní 1983, ìjọba wa lé àwọn ará Gánà jáde, òṣìṣẹ́ ni púpọ̀ nínú wọn. Àwa sọ orúkọ báàgì tí wọ́n fi kó ẹrù, a ń fi ṣẹ̀fẹ̀ títí di òní.

Speight kú ní 1998. Ẹni tí ó bá tún fẹ́ fi fákítírì pa wá lẹ́rìn-ín, kí ó kọ́kọ́ gun àtẹ̀gùn lọ sí ọ́fíìsì òkè.