Fíìmù Shaihu Umar àti Àká Orí Íntánẹ́ẹ̀tì: Àríkọ́gbọ́n fún Olùkọ́ Yorùbá

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ohun tí à ń wá lọ sí Sókótó, inú àpò ṣòkòtò ni ó wà. Òwe yìí bá ọ̀rọ̀ fíìmù Shaihu Umar mu wẹ́kú. Ní ọdún 1976 ni Adamu Halilu ṣe fíìmù ọlọ́rọ̀ ìtàn yìí ní èdè Haúsá, láti inú ìwé ìtàn àròsọ tí Abubakar Tafawa Balewa kọ, tí ó jáde ní ọdún 1934. Ó dá lé ọmọkùnrin kan tí wọ́n já gbà lọ́wọ́ ìyá rẹ̀, tí wọ́n tà sí oko ẹrú, tí ó dé ilẹ̀ Íjíbítì, tí ó sì padà di ọ̀jọ̀gbọ́n nínú ìmọ̀ ẹ̀sìn Ìsìláàmù.

Fún ọdún pípẹ́, èrò àwọn onímọ̀ sinimá ni pé fíìmù náà ti sọnù. Ọdún 2016 ni wọ́n tó rí i nínú ilé ìpamọ́ àjọ Nigerian Film Corporation ní ìlú Jos. Ilé iṣẹ́ Arsenal ní Jámánì lọ́wọ́ sí àtúnṣe rẹ̀, wọ́n sì fi í han aráyé ní àjọ̀dún sinimá ìlú Berlin ní ọdún 2018. Lónìí, akẹ́kọ̀ọ́ lè jókòó sídìí kọ̀ǹpútà kí ó ka àlàyé nípa rẹ̀ nínú àká àjọ̀dún náà.

Ohun ayọ̀ ni èyí, síbẹ̀ ó yẹ kí ó kọni lóminú. Nàìjíríà ni fíìmù náà wà ní gbogbo ìgbà tí wọ́n ń pè é ní ohun tó sọnù. Iṣẹ́ tí ó wà nípamọ́, tí ẹnikẹ́ni kò mọ ibi tí ó wà, kò sàn púpọ̀ ju èyí tí iná jó lọ.

Àwọn kan lè sọ pé kí wọ́n ṣáà kó gbogbo fíìmù sórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí ọ̀rọ̀ parí. Kò rí bẹ́ẹ̀. Àká orí íntánẹ́ẹ̀tì kò lè ní ju ohun tí ènìyàn kó sínú rẹ̀ lọ. Àwòrán tí kò ní àlàyé kò sì lè kọ́ ọmọ ní ìtàn.

Hubert Ògúǹdé gbé Ayé, Jáyésinmi, Àròpin N'tènìyàn àti Àyànmọ́ jáde láàárín ọdún 1979 sí 1988. Ó yẹ kí ẹ̀ka ẹ̀kọ́ Yorùbá kọ̀ọ̀kan rán akẹ́kọ̀ọ́ lọ ṣe àkọsílẹ̀ irú fíìmù bẹ́ẹ̀: àwọn òṣèré, orin, ẹ̀ka-èdè, ibi tí wọ́n ti yà á àti ọwọ́ ẹni tí ẹ̀dà rẹ̀ wà, nígbà tí àwọn àgbà tí ó mọ̀ ọ́n ṣì wà láyé. Ilé ni a ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde.