Ẹyẹ tó ń jẹ́ orúkọ ọmọọṣẹ́

Ṣáájú ọdún 1907 tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gbé olú-ìlú Àríwá Gold Coast kúrò ní Gambaga wá sí Tamale ni ọ̀gá ṣọ́jà kan, Boyd Alexander, ti ń kó ẹyẹ jọ lágbègbè náà. Òkìkí rẹ̀ kàn nídìí ìmọ̀ ẹyẹ. Ta ló wá mọ José Lopes, ará Pọtogí tó jẹ́ ọmọọṣẹ́ rẹ̀? Ní 1904, wọ́n gbéra láti odò Ọya lọ sí odò Náílì. Claud, àbúrò Alexander, kú lọ́nà. Gosling náà kú ní 1906. José kò padà lẹ́yìn ọ̀gá títí wọ́n fi dé Náílì ní 1907. Nítòsí Wadai ni wọ́n pa Alexander sí ní 1910. Kì í kúkú ṣe abaramóorejẹ: láti 1903 ló ti sọ ẹyẹ kan tó wà ní erékùṣù Fernando Po ní lopezi, látara orúkọ José. Inú igbó dídí lẹyẹ náà ń gbé. Ohùn rẹ̀ lèèyàn ń gbọ́, ojú kì í sábà rí i.