Zalika Souley, òṣèré tí wọ́n fi ipa rẹ̀ bú

Àwa Yorùbá tí a ń gbé ní Monrovia kì í fi fíìmù ilé ṣeré. Bí ọ̀sẹ̀ bá ti parí, tí iná sì wà, tọmọdé tàgbà á jókòó ti tẹlifíṣọ̀n. Kì í pẹ́ tí a ó fi bẹ̀rẹ̀ sí í bú ìyálé burúkú inú eré, bíi pé obìnrin náà kò lọ́mọ nílé tirẹ̀.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí Zalika Souley nìyẹn. Wọ́n bí i ní Niamey, orílẹ̀-èdè Niger, ní 1947. Kò tíì pé ọmọ ogún ọdún nígbà tí Moustapha Alassane mú un sínú fíìmù Le Retour d'un aventurier ní 1966. Ọmọkùnrin kan ló ti Amẹ́ríkà dé, ó kó aṣọ kábọ́ì wá fún àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀, ni wọ́n bá di jàǹdùkú lábúlé. Zalika wà láàárín wọn, tòun ti ṣòkòtò. Ní ayé ìgbà yẹn!

Lẹ́yìn náà ló ṣe Cabascabo àti Le Wazzou polygame pẹ̀lú Oumarou Ganda. Fíìmù kejì yìí gba ẹ̀bùn tó ga jù ní FESPACO, Ouagadougou, ní 1972. Ọ̀pọ̀ ló ń pè é ní obìnrin àkọ́kọ́ tó fi fíìmù ṣe iṣẹ́ ní ilẹ̀ aláwọ̀ dúdú.

Ṣùgbọ́n ipa obìnrin burúkú ni wọ́n sábà máa ń fún un, àwọn ará ìlú sì gbà pé bó ṣe rí gan-an nìyẹn. Wọ́n ń bú u ní títì. (Ẹ má rò pé ti Niger nìkan ni. Nígbà tí Hubert Ogunde ń wá obìnrin sínú ẹgbẹ́ rẹ̀, àwọn òbí kọ̀ jálẹ̀. Fífẹ́ ló fẹ́ àwọn òṣèré rẹ̀ kí ẹnu lè mọ́.)

Owó ńkọ́? Ní 2004, Rahmatou Keïta ṣe fíìmù nípa rẹ̀, ó pè é ní Al'lèèssi, ìyẹn àyànmọ́. Ilé yàrá méjì tí kò ní omi ẹ̀rọ, tí kò ní iná, ni a ti bá òṣèré ńlá yìí pẹ̀lú àwọn ọmọ rẹ̀.

Zalika kú ní oṣù kejì 2025, lẹ́ni ọdún 77. Nílé tiyín, òṣèré wo lẹ máa ń bú jù?