Ohun tí a dà sílẹ̀ ni egbò ń mu



Ní Ìbàràpá méjèèje, láti Igbó-Ọrà dé Èrúwà, Ìdèrè, Láńlátẹ̀, Ayétẹ̀, Tápà àti Ìgàngàn, bí inú bá ń run èèyàn, tí ó ń ya ìgbẹ́ gbuuru, tàbí tí jẹ̀díjẹ̀dí ń dà á láàmú, egbò ni ìyá alágbo máa kọ́kọ́ nawọ́ sí. Egbò egbèsì wà níbẹ̀, ìpẹta wà níbẹ̀, egbò àtà tí a tún fi ń rún orin náà kò gbẹ́yìn. Àwọn kan ní ohun tó bá ti inú ilẹ̀ wá kò lè pa èèyàn lára. Àwọn mìíràn ní ìdọ̀tí lásán ni gbogbo rẹ̀. Mi ò sí lẹ́yìn ìkankan nínú wọn. Igi kò yí padà, ilẹ̀ tí igi dúró lé ni a ń yí padà.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ̀rọ̀ kan tó ṣẹlẹ̀ lórí egbèsì yìí gan-an. Ní 2013, àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì kan tí Michel De Waard ti ìlú Grenoble ní ilẹ̀ Faransé ṣáájú wọn, kéde pé àwọn rí tramadol nínú egbò egbèsì tí wọ́n mú wá láti Kamẹrúùnù. Tramadol yìí ni oògùn ara ríro tí àwọn ará Jámánì ṣe, tí a sì ń gbọ́ pé àwọn ọ̀dọ́ wa ń lò nílòkulò. Inú ọ̀pọ̀ èèyàn dùn. Wọ́n ní, ẹ ò rí i, ohun tí òyìnbó ṣe nínú ilé iṣẹ́, Òsanyìn ti gbé e sínú igi látọjọ́ pípẹ́.

Ọdún kan lẹ́yìn náà, Michael Spiteller ti yunifásítì Dortmund ní Jámánì àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ gbé èsì tiwọn jáde. Wọ́n ní apá òkè pátápátá ní Kamẹrúùnù nìkan ni àwọn ti rí tramadol nínú egbèsì. Wọ́n tún rí i nínú egbò igi márùn-ún mìíràn, nínú ilẹ̀, àti nínú omi tó wà ládùúgbò. Wọ́n rí àwọn ohun tí tramadol máa ń dà lẹ́yìn tó bá ti gba inú ara èèyàn tàbí ẹran kọjá. Àlàyé wọn ni pé àwọn àgbẹ̀ ibẹ̀ ń fún màlúù ní oògùn náà, ìtọ̀ àti ìgbẹ́ ń gbé e wọ ilẹ̀, egbò sì ń fà á mu. Àríyànjiyàn ṣì wà láàárín àwọn méjèèjì lẹ́yìn náà, ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ tí mo rí kọ́ níbẹ̀ kò fara sin: ohun tí a bá dà sílẹ̀, egbò lè gbé e padà fún wa nínú àgbo.

Kí ló kan Ìbàràpá níbẹ̀? Ilẹ̀ àgbẹ̀ ni tiwa, ẹ̀gẹ́ àti àgbàdo ló pọ̀ jù, oògùn apakoríko sì ti gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ọkọ́ lọ́pọ̀ oko. Àjọ NAFDAC fòfin de paraquat láti oṣù kìíní 2024, ó sì fòfin de atrazine láti oṣù kìíní 2025. Èyí tó ń kó ìpayà bá mi jù ni atrazine, nítorí gbòǹgbò gan-an ni ewéko fi ń mu ún, ó sì máa ń pẹ́ nínú ilẹ̀ kí ó tó tán. Ẹ̀bá oko ni egbèsì sì fẹ́ràn láti hù sí. Ẹni tó bá gbẹ́ ẹ níbẹ̀, kí ni yóò fi mọ ohun tó wà nínú rẹ̀? Kò sí ẹni tó lè fọwọ́ sọ̀yà pé sísè nìkan tó láti lé májèlé kúrò.

Ó tún ku ọ̀nà tí a ń gbà wa egbò. Àwọn àgbà kì í hú olórí gbòǹgbò. Ẹ̀gbẹ́ kan ni wọ́n ń ti mú, wọ́n á sì bo ilẹ̀ padà kí igi má bàa kú. Lónìí, nítorí ọjà, a ń hú u tigi-tigi. Bí egbèsì bá tán nínú igbó tó mọ́, ẹ̀bá oko tí wọ́n fín ni yóò kù fún wa.

Mo ní ìmọ̀ràn mẹ́ta. Èkíní, kí àwọn ojúbọ àti ẹgbẹ́ oníṣègùn wa ya ilẹ̀ sọ́tọ̀ fún egbèsì, ìpẹta àti àtà, ilẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò ní fín. Èkejì, kí ẹni tó ń ra egbò máa béèrè ibi tí wọ́n ti wà á. Ẹ̀kẹta, kí a mọ ìwọ̀n. Ìpẹta lágbára, ó lè ṣekú pani bí ó bá pọ̀ jù. Ẹni tí ọgbẹ́ inú ń ṣe kò gbọdọ̀ mu egbò tí a rẹ sínú ọtí, torí ọtí máa ń dá kún ọgbẹ́. Ọmọdé tó bá ń ya ìgbẹ́ gbuuru, omi oníyọ̀ àti ṣúgà ni kí a kọ́kọ́ máa fún un, kí a sì gbé e lọ sílé ìwòsàn. Ẹni tí ìgbẹ́ rẹ̀ bá dúdú bí ọ̀dà tàbí tó ní ẹ̀jẹ̀ náà kò gbọdọ̀ jókòó ti àgbo.

Ẹ má sọ pé kò ṣeé ṣe. Sòbìyà ti da Ìdèrè láàmú rí, inú omi ló sì ti ń wá. Ìgbà tí àwọn èèyàn gbà láti máa sẹ́ omi, tí omi tó mọ́ sì dé, ni àrùn náà kásẹ̀ nílẹ̀. Ní 2013 ni àjọ ìlera àgbáyé jẹ́rìí sí i pé Nàìjíríà ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Bí a ṣe tọ́jú omi nígbà náà ni kí a tọ́jú ilẹ̀ báyìí.

Bí ará ilé ẹni bá ń jẹ kòkòrò burúkú, bí a kò bá sọ fún un, hẹ̀rẹ̀huru rẹ̀ kò ní jẹ́ ká sùn lóru. Mo ti sọ tèmi. Kí Òsanyìn jẹ́ kí ewé àti egbò máa jẹ́ fún wa. Àṣẹ.