Alábàárù Kì Í Ṣe Ẹrú Wa

Ẹ̀yin ìyá wa, ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ wa lọ́jà Òmù-Àrán, Èsìẹ́ àti àyíká, 

Ọ̀rọ̀ kan ń jẹ wá lọ́kàn. Ọmọ ọlọ́mọ á gbé àpò gàrí láti ìdí mọ́tò dé ìsọ̀, òógùn á bò ó. Ìgbà tó bá sọ ẹrù tán la ó ṣẹ̀ṣẹ̀ máa ná owó tí a ti jọ fẹnu kò lé lórí. Àwọn kan nínú wa á ní, "Padà wá lọ́la." Àwọn míì á tún fi èébú lé e. Ká má purọ́, àwa tí à ń kọ̀wé yìí náà ti ṣe é rí. Kò dáa.

Ta ni kò ru ẹrù rí nínú wa? Ọ̀pọ̀ wa ló kiri kó tó ní ìsọ̀.

Ẹ lè ní ọjà ò tà, owó mọ́tò sì ti lé. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n alábàárù kọ́ ló fà á. Àwa lè máa retí èrè lọ́la. Òun, ohun tó bá rí lónìí ni yóò jẹ lálẹ́. Ní 2024, ìjọba àpapọ̀ sọ owó oṣù tó kéré jù di 70,000 náírà, ṣùgbọ́n orúkọ alábàárù ò sí nínú ìwé owó oṣù kankan. Àwa ni ìjọba tirẹ̀.

Ní oṣù kẹfà ọdún 1945, òṣìṣẹ́ tó lé ní 30,000 daṣẹ́ sílẹ̀, Michael Imoudu ará rélùwéè wà lára àwọn tó ṣáájú wọn. Ogun Hitler ti sọ oúnjẹ di ọ̀wọ́n, owó wọn ò ká a mọ́. Ó lé ní oṣù kan tí wọn ò ṣiṣẹ́. Owó ọjà àwọn obìnrin ló gbé ọ̀pọ̀ ilé ró nígbà náà. Orúkọ Imoudu yìí náà ni wọ́n fi sọ ilé-ẹ̀kọ́ ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́ tó wà n'Ílọrin wa níbí. Ọlọ́jà àti òṣìṣẹ́ ti jọ ń ru ara wọn bọ̀ ọjọ́ ti pẹ́.

Nítorí náà, ẹ jẹ́ ká sọ iye owó kí ẹrù tó gorí. Bó bá ti sọ̀ ọ́, ká sanwó lójú ẹsẹ̀. Ká yé bú wọn. Bí ẹ̀yìn bá sì dá ẹnì kan nínú wọn dúró, ká dá owó oògùn jọ.

Ọ̀tún wẹ òsì, òsì wẹ ọ̀tún, lọwọ́ fi ń mọ́. A ò ní ríjà ajé o. Àmín.